Àwọn Mọ́ńkì Cistercian: Àdúrà, Ọkọ́ àti Ìdákẹ́jẹ́

Ẹni tí ó bá dúró lẹ́bàá Gbọ̀ngàn Màpó ní òwúrọ̀ ọjọ́ ọjà, tí ó sì kọ ojú sí ìsàlẹ̀ síhà Ọjà'ba, etí rẹ̀ kì yóò sinmi. Aláta ń polówó, alárù ń tọrọ ọ̀nà, ẹni tí ń ra ọjà ń ná an, ẹni tí ń tà á ń búra pé kò gbà bẹ́ẹ̀. Láti Bẹẹrẹ títí dé Beyerúnka, kò sí agbo ilé tí ohùn ènìyàn kì í ti í jáde kí ilẹ̀ tó mọ́. Ìlú jagunjagun ni Ìbàdàn ní ìpilẹ̀ṣẹ̀, ìlú àgbẹ̀ àti oníṣòwò ni ó sì dà. Nínú irú ìlú bẹ́ẹ̀, ẹni tí kò bá lè sọ̀rọ̀ fún ara rẹ̀, wọn a gbàgbé rẹ̀. Nítorí náà ni àwọn àgbà ṣe wí pé, bí a bá dákẹ́, tara ẹni a bá ni dákẹ́.

Kì í ṣe ohun ìyanu nígbà náà pé, bí ọmọ Ìbàdàn bá gbọ́ pé àwọn ọkùnrin kan wà nínú Ìjọ Àgùdà tí wọ́n fi òwò àti ìgbéyàwó sílẹ̀, tí wọ́n sì ń gbé ní ibi kan ṣoṣo nínú ìdákẹ́jẹ́ títí di ọjọ́ ikú wọn, ìbéèrè mẹ́ta ni yóò ti ẹnu rẹ̀ jáde. Èkíní: ṣé kì í ṣe ọ̀lẹ ni wọ́n? Èkejì: ta ní ń bọ́ wọn? Ẹ̀kẹta: kí ni ayé rí gbà lọ́wọ́ ẹni tí kì í jáde lọ wàásù, tí kì í sì í kiri bẹ aláìsàn wò? Ìbéèrè ọlọ́gbọ́n ni mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Ìtàn àwọn ènìyàn náà àti ìṣe wọn ni yóò dáhùn.

Ohun kan wà tí ó yẹ kí a kọ́kọ́ là yé ara ẹni. Àwọn Fadá tí Ìbàdàn mọ̀ láti ìgbà tí iṣẹ́ Ìjọ Àgùdà ti bẹ̀rẹ̀ níbẹ̀ ní ọdún 1895, àwọn tí a tìtorí wọn pe òkè kan ní Òkè Pádì, ìránṣẹ́ tí a rán jáde ni wọ́n. Iṣẹ́ wọn ni láti rìn káàkiri, láti kọ́ni, láti ṣe ìrìbọmi, àti láti kọ́ ilé ẹ̀kọ́. Ti mọ́ńkì yàtọ̀. Òun ni ẹni tí ó jẹ́ ẹ̀jẹ́ láti dúró lójú kan kí ó lè máa gbàdúrà. Bí ìránṣẹ́ bá dà bí ẹni tí ń gbé omi kiri láti ojúlé dé ojúlé, mọ́ńkì dà bí ẹni tí ń tọ́jú orísun omi náà.

ILẸ̀ ÁFÍRÍKÀ NI WỌ́N TI BẸ̀RẸ̀

Ọ̀pọ̀ ènìyàn ni ó rò pé àṣà òyìnbó ni irú ìgbé-ayé yìí. Kò rí bẹ́ẹ̀ rárá. Ilẹ̀ Íjíbítì, ní Áfíríkà yìí kan náà, ni ó ti gbilẹ̀. Ní nǹkan bí ọdún 270, ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Antony, ẹni tí àwọn òbí rẹ̀ fi ilẹ̀ oko púpọ̀ sílẹ̀ fún, gbọ́ nínú ilé ìsìn bí Jésù ti wí fún ọlọ́rọ̀ kan pé kí ó ta ohun ìní rẹ̀ fún àwọn tálákà. Antony pín ilẹ̀ rẹ̀ fún àwọn ará abúlé, ó sì lọ ń dá gbé ní aṣálẹ̀ nínú àdúrà. Ó dàgbà, ó darúgbó. Ọdún 356 ni ó kú.

Lẹ́yìn èyí ni ọmọ Íjíbítì mìíràn dìde, tí ń jẹ́ Pachomius, ẹni tí ó ti ṣe ọmọ ogun rí. Òun rí i pé dídá gbé kò rọrùn fún gbogbo ènìyàn, nítorí igi kan kì í dá igbó ṣe. Ní nǹkan bí ọdún 320 ó kó àwọn tí ń wá Ọlọ́run jọ sí agbo ilé kan lẹ́bàá odò Náílì. Wọ́n ń jẹun pọ̀, wọ́n ń gbàdúrà pọ̀, wọ́n ń hun ẹní àti agbọ̀n láti rí ohun tí wọn yóò jẹ. Láti ọjọ́ ìpilẹ̀ṣẹ̀ ni iṣẹ́ ọwọ́ àti àdúrà ti jọ ń rìn.

ÌLÀNÀ BENEDICT

Àṣà náà kọjá òkun lọ sí ilẹ̀ Ítálì. Níbẹ̀ ni a bí Benedict ní nǹkan bí ọdún 480. Nígbà tí ó wà ní èwe wọ́n rán an lọ sí Róòmù láti kọ́ ìwé, ṣùgbọ́n ìwà tí ó rí níbẹ̀ bà á nínú jẹ́, ó sì sá lọ sínú ihò àpáta ní Subiaco, ó wà níbẹ̀ fún ọdún mẹ́ta. Ní nǹkan bí ọdún 529 ó kọ́ ilé àwọn mọ́ńkì kan sórí òkè Cassino. Fún àwọn ará ilé náà ni ó kọ ìwé ìlànà kan tí ó ní orí 73. Ìlànà yìí ni àwọn Cistercian ń tẹ̀ lé títí di òní.

Ọmọ Yorùbá kò ní ṣòro láti lóye rẹ̀, nítorí pé bí agbo ilé ni Benedict ti tò ó. Baba kan wà gẹ́gẹ́ bí baálé, òun ni wọ́n ń pè ní ábọ́tì, ìtumọ̀ orúkọ náà sì ni baba. Gbogbo ará ilé ni í tẹríba fún un. Síbẹ̀, bí ọ̀ràn ńlá bá dé, òfin ni pé kí baba pe gbogbo ilé jọ, kí ó gbọ́ ti ẹnu àwọn tí ó kéré jù lọ pẹ̀lú, nítorí Ọlọ́run a máa fi ohun tí ó dára hàn fún ọmọdé. Ohun tí àwọn baba ilẹ̀ yìí ń sọ náà ni, pé ọmọdé gbọ́n, àgbà gbọ́n, ni a fi dá Ilé-Ifẹ̀.

Ẹ̀jẹ́ tí mọ́ńkì ń jẹ́ jẹ́ mẹ́ta: pé òun yóò dúró ní ilé náà títí di ikú, pé òun yóò máa tún ìwà òun ṣe lójoojúmọ́, nínú àìgbéyàwó àti àìní ohun ìní, àti pé òun yóò gbọ́ràn. Wọn kì í fi ìkánjú gba ẹ̀jẹ́ yìí. Ẹni tí ó bá kan ilẹ̀kùn, wọn a kọ́kọ́ jẹ́ kí ó dúró, wọn a dán an wò fún ọdún púpọ̀, kí ó lè mọ̀ bóyá Ọlọ́run ni ó ń wá, tàbí wàhálà ilé ni ó ń sá fún.

Ní ti iṣẹ́, Benedict kò gba ọ̀lẹ láàyè. Ó ka ìjókòó lásán sí ohun tí ń ba ọkàn jẹ́, ó sì pín ọjọ́ sí mẹ́ta: àdúrà, ìwé kíkà, àti iṣẹ́ ọwọ́. Ó pàṣẹ pé kí ẹni tí ń ṣọ́ ilé ìṣúra máa wo gbogbo irinṣẹ́ bí ẹni ń wo ohun èlò pẹpẹ. Kí àgbẹ̀ tí ń kà ìwé yìí ro èyí wò. Ọkọ́ àti àdá tí ó dá sínú òjò ní ìdí ẹbè, bí ife Mísà ni Benedict yóò ti mú wọn.

BÍ Ẹgbẹ́ CISTERCIAN ṢE DÁ SÍLẸ̀

Bí ọdún ti ń gorí ọdún, àwọn ilé tí ń tẹ̀ lé Benedict di ọlọ́rọ̀, ìlànà náà sì rọ̀ ní ọwọ́ ọ̀pọ̀ wọn. Ní ọdún 1098 ni ábọ́tì kan ní ilẹ̀ Faransé, Robert ti Molesme, mú mọ́ńkì bí 21 jáde, wọ́n lọ tẹ̀dó sí ibi àbàtà kan tí ń jẹ́ Cîteaux. Láti ara orúkọ ibẹ̀ ni wọ́n ti ń pè wọ́n ní Cistercian. Wọ́n fẹ́ pa ìlànà náà mọ́ bí a ti kọ ọ́ gan-an. Aṣọ funfun ni wọ́n ń wọ̀, oúnjẹ wọn kò ní adùn, ọ̀pọ̀ nínú wọn sì kú. Ó kù díẹ̀ kí ilé náà tú, àfi bí ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí ń jẹ́ Bernard ti dé ní ọdún 1113 pẹ̀lú nǹkan bí 30 ẹlẹgbẹ́, tí púpọ̀ nínú wọn jẹ́ ìbátan rẹ̀. Láti ìgbà náà ni ilé ti ń bí ilé. Nígbà tí Bernard kú ní ọdún 1153, ilé àwọn Cistercian ti ju 300 lọ ní ilẹ̀ Yúróòpù.

Àgbẹ̀ gidi ni wọ́n. Ibi tí ẹlòmíràn kò fẹ́ ni wọ́n ń yàn: àfonífojì tí omi bò, àti igbó kìjikìji. Wọ́n ń gbẹ́ kòtò láti fa omi kúrò lórí ilẹ̀, wọ́n sì ń darí omi náà kí ó máa yí ọlọ tí ń lọ ọkà. Bí ará Ìbàdàn ti ń ní ilé ní ìgboro, tí ó sì ń ní abúlé ní oko, bẹ́ẹ̀ ni ilé kọ̀ọ̀kan ní abúlé oko tirẹ̀, tí àwọn arákùnrin tí kì í ṣe Fadá ń tọ́jú. Òfin ni pé kí abúlé náà má ṣe jìnnà ju ìrìn ọjọ́ kan lọ sí ilé àdúrà. Ní Ìlú Ọba, irun àgùntàn wọn di ọjà tí àwọn oníṣòwò ń ti òkèèrè wá rà.

Ṣùgbọ́n ìtàn wọn kò wà láìní àbàwọ́n. Iṣẹ́ àṣekára mú ọrọ̀ wá, ọrọ̀ sì mú ìtura wá. Ohun tí wọ́n sá fún ní Molesme tún bá wọn nílé. Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, Ọba Henry Kẹjọ ti gbogbo ilé àwọn mọ́ńkì láàárín ọdún 1536 sí 1540, ó sì gba ilẹ̀ wọn. Ní Faransé, láti ọdún 1664, ábọ́tì Rancé tún ìwà ṣe ní ilé kan tí ń jẹ́ La Trappe, ó dá ìdákẹ́jẹ́ àti iṣẹ́ ọwọ́ padà. Nítorí rẹ̀ ni wọ́n ṣe ń pe àwọn tí ó tẹ̀ lé e ní Trappist. Rògbòdìyàn ilẹ̀ Faransé tú wọn ká ní ìgbẹ̀yìn ọdún 1700 sí 1800, wọ́n sì di alárìnkiri láti ilẹ̀ dé ilẹ̀. Síbẹ̀ wọn kò parun. Ní ọdún 1892 ni Pópù Leo Kẹtàlá so wọ́n pọ̀ di ẹgbẹ́ kan.

BÍ OJÚMỌ́ WỌN TI RÍ

Kí àkùkọ tó kọ, ní nǹkan bí agogo mẹ́ta ààbọ̀ òru, agogo á dún. Gbogbo ilé á dìde lọ sí ilé ìsìn, wọ́n á máa kọ Orin Dáfídì nínú òkùnkùn. Ìgbà méje lójúmọ́ àti ìgbà kan lóru ni Benedict pa á láṣẹ kí wọ́n péjọ bẹ́ẹ̀, ó sì ṣètò pé kí wọ́n ka gbogbo Orin Dáfídì 150 tán nínú ọ̀sẹ̀ kan. Lẹ́yìn àdúrà òru ni olúkúlùkù ń ka Ìwé Mímọ́. Wọn kì í fi ìkánjú kà á. Bí màlúù ti ń jẹ àpọ̀jẹ ni wọ́n ń kà á: ẹsẹ kékeré kan, a tún un kà, a tún un rò, títí yóò fi di àdúrà lẹ́nu ẹni tí ń kà á.

Mísà á tẹ̀ lé e, lẹ́yìn náà iṣẹ́ ọwọ́ ní oko, ní ọgbà ewébẹ̀, ní ilé ìdáná, tàbí ní ibi tí wọ́n ti ń di ìwé. Wọn kì í jẹ ẹran ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́rin, àfi bí ara ẹnìkan kò bá yá. Àlejò tí ó bá dé, bí Kristi fúnra rẹ̀ ni òfin ní kí wọ́n gbà á. Nígbà tí ilẹ̀ bá ṣú, wọ́n á kọ orin sí Ìyá Jésù, ábọ́tì á wọ́n omi mímọ́ sí wọn lára, ilé á sì dákẹ́ rọ́rọ́.

Ní ti ìdákẹ́jẹ́, àṣìsọ kan wà tí ó yẹ kí a tún ṣe. Mọ́ńkì kò jẹ́ ẹ̀jẹ́ pé òun yóò yadi. Ó ń sọ ohun tí iṣẹ́ àti ìfẹ́ bá béèrè. Ní àtijọ́ wọ́n tilẹ̀ ń fi àmì ọwọ́ bá ara wọn sọ̀rọ̀. Ohun tí ó yẹra fún ni ọ̀rọ̀ asán. Ẹnu àìmẹ́nu, ètè àìmétè, ni í mú ọ̀ràn bá ẹ̀rẹ̀kẹ́. Mọ́ńkì mọ èyí, ṣùgbọ́n kì í ṣe ìbẹ̀rù ọ̀ràn nìkan ni ó mú un dákẹ́. Ó ń dákẹ́ kí ó lè gbọ́. Ọdẹ tí ń sọ̀rọ̀ nínú igbó kì í gbọ́ ìrìn ẹran.

FADÁ TANSI TI AGULERI

Ẹni tí ó sọ orúkọ àwọn Trappist di mímọ̀ ní Nàìjíríà ni Fadá Cyprian Michael Iwene Tansi. Ní oṣù September, ọdún 1903, ni a bí i ní Aguleri, ní àgbègbè Onitsha, sínú ìdílé àgbẹ̀. Ní ọjọ́ 7 oṣù January, 1912, a ṣe ìrìbọmi fún un, a sì sọ ọ́ ní Michael. Ó di olùkọ́. Lẹ́yìn náà ní ọdún 1925 ó wọ ilé ẹ̀kọ́ àwọn Fadá ní Igbariam. Ọjọ́ 19 oṣù December, 1937, ni a fi í joyè Fadá ní Onitsha.

Ó ṣiṣẹ́ ní Nnewi, ní Dunukofia, ní Akpu, àti ní Aguleri ìlú rẹ̀. Ẹsẹ̀ àti kẹ̀kẹ́ ni ó ń fi rìn láti abúlé dé abúlé. Òun fúnra rẹ̀ a máa bá àwọn ọmọ ìjọ ṣiṣẹ́ nígbà tí wọ́n bá ń kọ́lé. Oúnjẹ rẹ̀ kéré, ìbùsùn rẹ̀ le. Ó ń kó àwọn ọmọbìnrin tí ó fẹ́ ṣe ìgbéyàwó jọ, ó ń kọ́ wọn bí a ti ń tọ́jú ilé nínú ìwà mímọ́. Ní Dunukofia ni ó ti ṣe ìrìbọmi fún ọmọdékùnrin kan ní ọdún 1941, tí ń jẹ́ Francis Arinze. Ọmọ náà ni ó di Bíṣọ́ọ̀bù Àgbà Onitsha, tí ó sì di Kádínà ní ọdún 1985. Kò sí ẹni tí ó lè pe irú ẹni bí Fadá Tansi ní ọ̀lẹ.

Irú ẹni bẹ́ẹ̀ ni ó wá tọrọ àyè lọ́dọ̀ Bíṣọ́ọ̀bù rẹ̀ láti lọ di mọ́ńkì. Ọ̀ràn náà kì í ṣe kékeré. Àwọn Fadá tí ó jẹ́ ọmọ ilẹ̀ kò pọ̀ nígbà náà, àwọn tí ó gbójú lé e sì pọ̀. Bí ẹnìkan bá wí pé oko tí ó ti so ni ó ń fi sílẹ̀, kò purọ́. Ṣùgbọ́n Fadá Tansi gbà pé bí kò bá sí ilé àdúrà ní ilẹ̀ kan, iṣẹ́ àwọn tí ń sáré kiri kò ní gbòǹgbò. Èrò òun àti Bíṣọ́ọ̀bù ni pé kí ó lọ kọ́ ọ, kí ó sì mú un padà wá gbìn ní Nàìjíríà.

Ní ọdún 1950 ó lọ sí Róòmù, láti ibẹ̀ ó sì lọ sí ilé Mount Saint Bernard ní Leicestershire ní Ìlú Ọba. Ilé náà ti wà láti ọdún 1835. Òun sì ni ilé àwọn mọ́ńkì àkọ́kọ́ tí ó fìdí múlẹ̀ ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì lẹ́yìn tí Ọba Henry ti ti gbogbo wọn. Ẹni tí gbogbo ìjọ ń tẹríba fún ní Aguleri di ẹni tí ń tẹríba fún àwọn tí ó kéré sí i lọ́jọ́ orí. Òtútù bá a jà, àṣà wọn sì ṣàjèjì sí i. Ní ilé ìjẹun àti ní ibi ìdìwé ni wọ́n fi í sí. Ó lé ní ọdún méjì kí wọ́n tó gbà á sí ipò akẹ́kọ̀ọ́. Nígbà náà ni ó gba orúkọ Cyprian, orúkọ Bíṣọ́ọ̀bù ọmọ Áfíríkà kan tí a pa nítorí ìgbàgbọ́ ní ọdún 258. Ọjọ́ 8 oṣù December, 1956, ni ó jẹ́ ẹ̀jẹ́ rẹ̀.

Nígbà tí àkókò tó láti dá ilé sílẹ̀ ní Áfíríkà, kì í ṣe Nàìjíríà ni wọ́n yàn. Bamenda ní Kamẹrúùnù ni wọ́n lọ ní ọdún 1963. A yan Fadá Cyprian pé kí ó lọ máa kọ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ níbẹ̀, ṣùgbọ́n àìsàn dí i lọ́nà. Ẹsẹ̀ rẹ̀ wú, wọ́n gbé e lọ sí ilé ìwòsàn ní Leicester, níbẹ̀ ni ó sì kú sí ní ọjọ́ 20 oṣù January, 1964, ní ẹni 60 ọdún. Kò fi ojú rí ohun tí ó tìtorí rẹ̀ kúrò nílé.

Síbẹ̀ irúgbìn náà hù. Ní ọdún 1988 a mú egungun rẹ̀ padà wá sí Onitsha. Ní ọjọ́ 22 oṣù March, 1998, Pópù John Paul Kejì fúnra rẹ̀ wá sí Oba, nítòsí Onitsha, ó sì kéde rẹ̀ ní Ẹni Alábùkún, ọmọ Nàìjíríà àkọ́kọ́ tí a fún ní irú ọlá bẹ́ẹ̀. Ilé àwọn mọ́ńkì Cistercian wà nísinsìnyí ní Awhum nítòsí Enugu, àti ní Nsugbe ní àgbègbè Onitsha. Àwọn obìnrin ẹgbẹ́ náà ní ilé tiwọn ní Abakaliki, àti ní Parakou ní ilẹ̀ Benin. Ní Ewu, ní Ìpínlẹ̀ Edo, àwọn mọ́ńkì Benedict, tí wọ́n jẹ́ ìbátan wọn, ń gbin ewé àti egbò ilẹ̀ wa. Láti ọdún 1996 ni Fadá Anselm Adodo ti dá ilé iṣẹ́ oògùn ìbílẹ̀ tí ń jẹ́ Paxherbal sílẹ̀ níbẹ̀.

ÌDÁHÙN ÌBÉÈRÈ MẸ́TA

Ọ̀lẹ kọ́ ni wọ́n: ẹni tí ń dìde ní agogo mẹ́ta ààbọ̀ òru, tí ó sì ń lọ sí oko, kì í ṣe ọ̀lẹ. Ọwọ́ ara wọn ni ó ń bọ́ wọn. Ní Mount Saint Bernard, màlúù ni wọ́n ń sìn fún wàrà títí di ọdún 2014. Nígbà tí owó wàrà kò ká ìnáwó mọ́, wọ́n wá iṣẹ́ mìíràn. Ní ti ohun tí ayé ń rí gbà lọ́wọ́ wọn, kí a bi ẹni tí ó ti ní aláìsàn nílé rí bóyá ó já mọ́ nǹkan kan fún un láti mọ̀ pé ẹnìkan wà níbì kan, lóru, tí kò sùn nítorí àwọn tí ara ń ni. Ìyẹn ni iṣẹ́ mọ́ńkì. Kì í ṣe ti ara rẹ̀ nìkan ni ó ń bá dákẹ́.

Olórí ìdílé kò gbọdọ̀ fi ìyàwó àti ọmọ sílẹ̀ kí ó ní òun ń lọ di mọ́ńkì. Ọlọ́run kò béèrè èyí lọ́wọ́ rẹ̀. Ọ̀nà kan kò wọ ọjà. Ṣùgbọ́n àgbẹ̀ lè mú díẹ̀ nínú ìṣe wọn lọ sí oko: kí ó fi ìṣẹ́jú díẹ̀ dákẹ́ níwájú Ọlọ́run kí ó tó mú ọkọ́, kí ó gba ẹsẹ kan nínú Ìwé Mímọ́ lówùúrọ̀, kí ó sì máa jẹ ẹ́ ní àpọ̀jẹ títí di ìrọ̀lẹ́, kí ó nu ọkọ́ àti àdá rẹ̀, kí ó sì gbé wọn sí ibi tí ó yẹ. Ẹni tí ó ń tajà ní Ọjà'ba náà lè ṣe bẹ́ẹ̀ kí ó tó tú igbá rẹ̀ sílẹ̀. Ariwo ọjà kò ní dáwọ́ dúró nítorí èyí, ṣùgbọ́n kò ní lè wọ inú ọkàn rẹ̀ mọ́ bí ti àtẹ̀yìnwá.